Ìtàn Panápaná, àti Ìdí Tí Ìlà Kọ̀ọ̀kan Fi Gbọ́dọ̀ Ní Bọ́kẹ́ẹ̀tì Tirẹ̀

(Ọ̀rọ̀ tí akọ̀wé bá ẹgbẹ́ sọ ní ìpàdé gbogboogbò)

Àwọn tí kò ráyè wá sí mítíìn ló ní kí n tẹ ọ̀rọ̀ náà síwèé. Ohun tí mo sọ nìyí.

Láti ìgbà tí a ti dá owó bọ́kẹ́ẹ̀tì àti iyanrìn sílẹ̀ ni àwọn kan ti ń kùn. Wọ́n ní ṣé kì í ṣe iṣẹ́ ìjọba ni iná pípa? Wọ́n ní owó ọjà tí à ń san ńkọ́? Mi ò bá wọn jà. Ṣùgbọ́n ó yẹ kí a mọ bí iṣẹ́ panápaná ṣe bẹ̀rẹ̀, torí pé ní ibi púpọ̀, kì í ṣe ìjọba ló kọ́kọ́ dá a sílẹ̀.

Ọmọ mi obìnrin tó ń gbé ní ìlú kékeré kan ní Amẹ́ríkà ló là mí lóye. Ó ní ọkùnrin tó ń tún mọ́tò ṣe ní àdúgbò àwọn, òun náà ni panápaná. Bí fèrè bá ti dún báyìí, á ju irinṣẹ́ sílẹ̀, á sáré lọ. Mo ní èló ni wọ́n ń san fún un? Ó ní wọn kì í san kọ́bọ̀. Mo rò pé ó ń fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ ni. Àṣé bẹ́ẹ̀ ló rí ní ọ̀pọ̀ abúlé wọn: àgbẹ̀, tíṣà, onísọ́ọ̀bù, àwọn ló ń pa iná ara wọn. Nínú gbogbo panápaná tó wà ní Amẹ́ríkà, àwọn tí kì í gbowó lé ní ìdajì. Ta ló wá ń ra mọ́tò? Àwọn obìnrin á se oúnjẹ, wọ́n á pe gbogbo ìlú wá jẹun, wọ́n á kó owó rẹ̀ kún owó mọ́tò. Mo ní háà, iṣẹ́ wa mà nìyẹn!

Ọ̀kan nínú àwọn tó bẹ̀rẹ̀ ẹ̀ níbẹ̀ ni Benjamin Franklin, ẹni tó ń tẹ ìwé ìròyìn ní Philadelphia. Ní 1735, ó kọ ọ́ sínú ìwé rẹ̀ pé kí àwọn èèyàn yéé fi ṣọ́bìrì gbé ẹyin iná láti yàrá kan bọ́ sí èkejì, pé ó lè já bọ́ kí wọ́n má mọ̀. Ẹ̀yin alákàrà, ẹ gbọ́ o. Mi ò dárúkọ ẹnì kankan. Ní oṣù December 1736, òun àti àwọn ará àdúgbò rẹ̀ dá ẹgbẹ́ sílẹ̀, wọn ò ju ọgbọ̀n èèyàn lọ. Kálukú gbọ́dọ̀ ní bọ́kẹ́ẹ̀tì awọ nílé, pẹ̀lú àpò tí wọ́n máa fi kó ẹrù jáde. Bí iná bá ṣẹ́, wọ́n á yan àwọn kan sẹ́nu ọ̀nà kí olè má baà kó ẹrù. Ṣé ẹ rí i pé olè ibi iná kì í ṣe tòní!

Ẹ̀ẹ̀kan lóṣù ni wọ́n ń ṣe mítíìn, ẹni tí kò bá wá á san owó ìtanràn. Owó ìtanràn yẹn gan-an ni wọ́n fi ra àkàbà àti ẹ̀rọ tó ń tu omi. Nígbà tí àwọn mìíràn fẹ́ wọ ẹgbẹ́, wọ́n ní kí wọ́n lọ dá tiwọn sílẹ̀. Bó ṣe di púpọ̀ nìyẹn.

Ní ilẹ̀ tiwa, abẹ́ ọlọ́pàá ni panápaná ti bẹ̀rẹ̀ ní Èkó ní 1901. Ní 1963 ni ìjọba àpapọ̀ ṣe òfin rẹ̀. Ìlú ńlá ló kọ́kọ́ rí i. Títí di òní, ọ̀pọ̀ ọjà bíi tiwa ni mọ́tò panápaná ń ti ìlú mìíràn wá bá. Omi inú mọ́tò náà kì í sì í pẹ́ tán. Bí wọ́n bá ṣí páìpù dáadáa, ìṣẹ́jú díẹ̀ ni. Bí kò bá síbi tí wọ́n ti máa pọn òmíràn, ó tán nìyẹn. Ọjà Akẹ̀sán tó jó lálẹ́ Sunday, 5 January 2020, inú ìlú Ọ̀yọ́ ló wà o, kì í ṣe abúlé.

Ọjọ́ tí ìlà àwọn aláṣọ wa jó nígbà ọyẹ́, mo wà níbẹ̀. Mọ́tò dé, kò rọ́nà wọlé. Tábìlì ló dí ọ̀nà, wọ́n ń gbé e kúrò lọ́kọ̀ọ̀kan, iná ń jó lọ. Ẹ má bínú sí mi o, tèmi wà nínú àwọn tábìlì yẹn. Ìyá tó ni ṣọ́ọ̀bù kẹta kò padà sọ́jà mọ́ láti ọjọ́ náà.

Nítorí náà, iná epo tàbí kẹrosíìnì, iyanrìn ni kí ẹ dà sí i, ẹ má da omi sí i. Iná mànàmáná, ẹ kọ́kọ́ pa á ní ojúlé. Kí ẹnì kan pe 112 bí àwọn yòókù ṣe ń sáré gbé bọ́kẹ́ẹ̀tì.

Olórí ìlà kọ̀ọ̀kan á mú bọ́kẹ́ẹ̀tì mẹ́rin wá sí ìpàdé tó ń bọ̀, kí orúkọ ìlà wà lára rẹ̀. Ìlà tí kò bá mú tiẹ̀ wá á san owó ìtanràn, a ó fi kún owó táńkì omi. Tábìlì tèmi ti kúrò lọ́nà láti àná.