Jock Stein, Awakùsà Tí Ó Gba Ife Yúróòpù Wá Sí Glasgow
(Ọ̀rọ̀ tí a sọ fún àwọn ẹbí níbi ìpàdé ẹgbẹ́ wa)

Ìgbìmọ̀ ní kí a sọ̀rọ̀ bọ́ọ̀lù lónìí nítorí àwọn ọmọ. Àwọn ìyá sì ti kìlọ̀ fún wa pé kí a má fi ọ̀rọ̀ góòlù dá wọn dúró títí ilẹ̀ yóò fi ṣú. A gbọ́. Ìdí nìyí tí a fi mú ọkùnrin kan tí ìtàn rẹ̀ kan ilé àti ìjọ bí ó ti kan pápá.

John Stein ni orúkọ rẹ̀, Jock ni gbogbo ayé ń pè é. Ọjọ́ 5 oṣù kẹwàá ọdún 1922 ni wọ́n bí i ní Burnbank, lẹ́bàá Hamilton, ní Skọ́tílándì. Ilẹ̀ èédú ni ibẹ̀ nígbà náà, awakùsà sì ni bàbá rẹ̀. Òun náà ṣiṣẹ́ díẹ̀ nílé iṣẹ́ kápẹ́ẹ̀tì, lẹ́yìn náà ó wọ inú ihò èédú lọ. Nígbà tí ó di agbábọ́ọ̀lù Albion Rovers ní 1942, kò fi iṣẹ́ náà sílẹ̀. Láàárín ọ̀sẹ̀ ó wà lábẹ́ ilẹ̀, ní ọjọ́ Sátidé ó wà lórí pápá. Ọdún mẹ́jọ ni ó fi wà lẹ́nu eléyìí.

Ní 1950 ó kó lọ sí Wales, ó lọ gbá bọ́ọ̀lù fún Llanelli, ẹgbẹ́ kékeré kan tí kò sí nínú líìgì ńlá. Owó ni ó lé e dé ibẹ̀: £12 lọ́sẹ̀, èyí tí yóò jẹ́ kí ó lè fi ihò èédú sílẹ̀. Ohun tí ó tẹ̀lé e kò ní ṣàjèjì sí ẹnikẹ́ni tí ó ti fi ilé sílẹ̀ nítorí iṣẹ́. Àwọn olè fọ́ ilé rẹ̀ ní Hamilton, kì í sì í ṣe ẹ̀ẹ̀kan. Ọkàn Jean ìyàwó rẹ̀ kò balẹ̀ mọ́. Stein ti pinnu láti padà sílé kí Celtic ti Glasgow tó ránṣẹ́ sí i ní oṣù kejìlá 1951. Wọn kò pè é wá di ìràwọ̀ o. Ẹni ọdún 29 ni, wọ́n san £1,200 lórí rẹ̀ kí ó lè máa tọ́ àwọn ọ̀dọ́ inú ẹgbẹ́ kejì sọ́nà.

Ibí gan-an ni ọ̀rọ̀ wa wà. Ọmọ Ìjọ Àgùdà láti Áílándì ni àwọn tí ó dá Celtic sílẹ̀ ní 1887, wọ́n fẹ́ fi owó bọ́ọ̀lù bọ́ àwọn tálákà ìhà ìlà-oòrùn Glasgow. Rangers, ẹgbẹ́ kejì nínú ìlú náà, di ti àwọn Pùròtẹ́sítáǹtì. Fún ọ̀pọ̀ ọdún, Rangers kì í mọ̀ọ́mọ̀ gba ọmọ Ìjọ Àgùdà. Celtic ń gba oníjọ gbogbo gẹ́gẹ́ bí agbábọ́ọ̀lù, ṣùgbọ́n kò sí ẹni tí kì í ṣe Àgùdà tí ó tíì ṣe akọ́nimọ̀ọ́gbá wọn rí. Pùròtẹ́sítáǹtì sì ni ìdílé Stein. Rangers ni bàbá rẹ̀ ń tì lẹ́yìn.

Ó lè ya àwa Yorùbá lẹ́nu. Nínú ilé wa, ìyá lè máa lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì kí bàbá máa lọ sí mọ́sáláṣí, kí gbogbo wọn sì jọ jẹ ẹran iléyá. Kí ni Kristẹni méjì ń bá ara wọn jà sí? Ṣùgbọ́n kí a má tíì fọwọ́ sọ̀yà. A mọ ìgbéyàwó tí ó ti fọ́ láàárín wa nílùú òyìnbó níbí nítorí pé wọ́n ní ọmọ lágbájá kì í ṣe ti ìjọ wa.

Àwọn ọ̀rẹ́ kan kọ Stein sílẹ̀ nítorí Celtic. Nígbà tí wọ́n bi í léèrè, èsì rẹ̀ ni pé bí ó bá jẹ́ pé ìyẹn ni ó ká wọn lára, wọn kì í ṣe ọ̀rẹ́ láti ìbẹ̀rẹ̀.

Ara àwọn agbábọ́ọ̀lù àgbà kò yá, ni wọ́n bá fi Stein dí àlàfo. Kò padà sẹ́yìn mọ́. Ó di balógun ẹgbẹ́, ó gba ife Coronation ní 1953, ó gba líìgì àti ife Skọ́tílándì pọ̀ ní 1954. Lọ́dún yẹn kan náà, alága Celtic kó àwọn agbábọ́ọ̀lù rẹ̀ lọ wo ìdíje ife àgbáyé ní Switzerland. Níbẹ̀ ni Stein ti rí i bí Uruguay ṣe fi góòlù 7 sí 0 na Skọ́tílándì, tí ó kó agbábọ́ọ̀lù 13 péré wá. Ó rí ohun tí àìmúrasílẹ̀ ń fà.

Ẹsẹ̀ tí ó dùn ún ni ó fi ẹ̀yìn rẹ̀ tì ní 1957. Ó kọ́ àwọn ọ̀dọ́ Celtic fún ìgbà díẹ̀, lẹ́yìn náà Dunfermline gbà á gẹ́gẹ́ bí akọ́nimọ̀ọ́gbá ní 1960. Ẹgbẹ́ náà fẹ́ jábọ́ láti inú líìgì. Ìdíje mẹ́fà ni ó kù, mẹ́fẹ̀ẹ̀fà ni wọ́n sì borí. Ọdún kejì ni wọ́n gba ife Skọ́tílándì, Celtic ni wọ́n sì nà gbà á. Ní 1963, Stein rìn dé Ítálì láti wo bí Helenio Herrera ṣe ń kọ́ Inter ti Milan. Ó tún lo bí ọdún kan ní Hibernian, kí Celtic tó pè é padà ní 1965, pé kí ó wá jẹ́ ọ̀gá. Òun ni ẹni àkọ́kọ́ tí kì í ṣe ọmọ Ìjọ Àgùdà tí ó jókòó sí ipò náà.

Ẹ jẹ́ kí a sọ ti Lisbon, kí àwọn ọmọ má bínú. Ọjọ́ 25 oṣù karùn-ún 1967 ni. Inter ti Herrera ti gba ife Yúróòpù lẹ́ẹ̀mejì, wọ́n sì mọ bí a ti ń ti ilẹ̀kùn. Wọ́n jẹ pẹ́náríìtì ní ìṣẹ́jú keje, wọ́n bá ti í. Celtic kò dẹ̀yìn, bọ́ọ̀lù ń rọ̀ bí òjò. Tommy Gemmell gbá ti àkọ́kọ́ wọlé láti ọ̀nà jíjìn, Steve Chalmers sì jẹ èkejì nígbà tí ó ku ìṣẹ́jú díẹ̀. Akẹ́kọ̀ọ́ na olùkọ́ ní 2 sí 1. Kò sí ẹgbẹ́ Bìrìtìkó tí ó gba ife náà rí ṣáájú wọn. Gbogbo àwọn 11 yẹn ni wọ́n bí láàárín nǹkan bí máìlì 30 sí pápá Celtic, Àgùdà àti Pùròtẹ́sítáǹtì pọ̀. Lọ́dún kan ṣoṣo yẹn, gbogbo ìdíje tí wọ́n wọ̀ ni wọ́n gbà. Líìgì Skọ́tílándì, ẹ̀ẹ̀mẹsàn-án léraléra ni Stein gbà á, láti 1966 títí di 1974.

Wọ́n bi í pé bí agbábọ́ọ̀lù méjì bá dọ́gba, ọ̀kan Àgùdà, ọ̀kan Pùròtẹ́sítáǹtì, ta ni yóò mú? Ó ní Pùròtẹ́sítáǹtì ni, nítorí pé ó dá òun lójú pé Rangers kò ní mú èkejì. Ọgbọ́n ni, àwàdà sì ni. Kenny Dalglish wà lára irú àwọn bẹ́ẹ̀: ilé àwọn olólùfẹ́ Rangers ni ó ti wá, Celtic ni ó sì ti di èèyàn ńlá.

Kì í ṣe àwàdà ní gbogbo ìgbà. Ní ọjọ́ 2 oṣù kìíní 1971, èèyàn 66 kú nínú ìtẹ̀mọ́lẹ̀ ní Ibrox, pápá Rangers, lẹ́yìn ìdíje àwọn ẹgbẹ́ méjèèjì. Stein wà láàárín àwọn tí ń gbé àwọn tí ó fara pa. Lẹ́yìn rẹ̀ ó sọ fún ìlú pé níwájú ikú, ìkórìíra yìí kò ju ẹ̀gbin lọ. Ní 1972, nígbà tí àwọn olólùfẹ́ Celtic fúnra wọn ń kọ orin ìjà ní pápá Stirling Albion, ó fi ìjókòó rẹ̀ sílẹ̀, ó gun àárín wọn lọ, ó sì bá wọn wí lójúkojú. Nínú gbogbo ohun tí ó ṣe, èyí ni ó wú wa lórí jù. Ó rọrùn láti bá ọ̀tá wí. Àwọn tí ń pariwo orúkọ rẹ ni ó ṣòro.

Jàǹbá ọkọ̀ fẹ́ẹ̀ pa á ní 1975. Ó tún gba líìgì kan ní 1977, ó kúrò ní Celtic ní 1978, ó lo ọjọ́ 44 ní Leeds, ó sì di akọ́nimọ̀ọ́gbá Skọ́tílándì. Ó kó wọn lọ sí ife àgbáyé ní Spain ní 1982.

Ọjọ́ 10 oṣù kẹsàn-án 1985, ní Cardiff, Wales ni Skọ́tílándì ń bá gbá. Ọ̀mì nìkan ni Skọ́tílándì nílò kí ìrètí Mexico má bàa kú, ṣùgbọ́n Wales ti jẹ ọ̀kan. Stein ran Davie Cooper wọlé. Ọmọ Rangers ni Cooper. Nígbà tí ó ku bí ìṣẹ́jú mẹ́sàn-án, wọ́n fún wọn ní pẹ́náríìtì, Cooper gbá a, ó wọlé. Bí ìdíje ti ń parí lọ ni Stein ṣubú lẹ́bàá pápá. Inú yàrá ìtọ́jú pápá náà ni ó kú sí, ẹni ọdún 62. Igbákejì rẹ̀, Alex Ferguson, ni ó kó ẹgbẹ́ náà dé Mexico.

Ní 1989, Rangers gba Mo Johnston, ọmọ Ìjọ Àgùdà tí ó ti gbá bọ́ọ̀lù fún Celtic rí. Àwọn olólùfẹ́ kan dáná sun aṣọ ẹgbẹ́ wọn ní gbangba. Ṣùgbọ́n Johnston wọ aṣọ náà, ó sì jẹ góòlù nínú rẹ̀. Ọdún mẹ́rin ti kọjá tí Stein ti kú.

Ibi tí a bá a dé nìyí. Ẹ̀yin ọmọ, ẹ bọ́ síwájú, kí ẹ wá bi wá ní ìbéèrè.