Nino Baragli, Ẹ̀dítọ̀ Tí A Kì Í Dárúkọ

 

Tí mo bá ní ta ló ṣe The Good, the Bad and the Ugly, Clint Eastwood lẹ máa kọ́kọ́ sọ. Ẹni tó mọ fíìmù díẹ̀ á ní Sergio Leone. Ta ló máa dárúkọ Nino Baragli? Ẹ̀dítọ̀ ni. Ítálì ni wọ́n ti bí i ní 1925, ó kú ní 2013, fíìmù tó gé sì lé ní 200.

Kò sí CapCut nígbà yẹn o. Ọwọ́ ni wọ́n fi ń gé rẹ́rẹ́ fíìmù, téèpù ni wọ́n sì fi ń lẹ̀ ẹ́ pọ̀. Tí ègé kan bá sọnù, ẹ máa wá a nílẹ̀ ni.

Ní 1961, Pier Paolo Pasolini, akéwì tí kò tíì darí fíìmù rí, ṣe Accattone. Baragli ló bá a gé e, wọ́n sì jọ ń ṣiṣẹ́ lọ títí dé Salò ní 1975, ọdún tí wọ́n pa Pasolini.

Ti Leone ńkọ́? Ẹ wo ìparí The Good, the Bad and the Ugly, 1966, tí òun àti Eugenio Alabiso jọ gé. Ọkùnrin mẹ́ta dúró ní itẹ́ òkú. A rí wọn láti òkèèrè, lẹ́yìn náà ojú wọn, ọwọ́ tó ń rá lọ síbi ìbọn, ẹyinjú. Àwòrán ń yára sí i, orin Morricone ń gbóná sí i. Ìbọn kankan ò tíì dún o. Ẹ̀dítọ̀ ló ń já yín láyà.

Ṣùgbọ́n èyí tó dùn mí jù ni Once Upon a Time in America, 1984. Noodles, ìyẹn Robert De Niro, dùbúlẹ̀ síbi tí wọ́n ti ń fa opium. Fóònù bẹ̀rẹ̀ sí í dún. A rí òkú mẹ́ta nínú òjò, fóònù ń dún. A dé òde àríyá, ó ṣì ń dún. Noodles fúnra rẹ̀ gbé fóònù, ó tẹ nọ́ńbà, kò dákẹ́. Àfìgbà tí a dé orí tábìlì ọlọ́pàá, tí ẹnì kan gbé e. Ibẹ̀ ló ti máa bẹ̀rẹ̀ sí í yé yín pé ó ti tú àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ fó, ẹ̀rí ọkàn rẹ̀ ló ń dún látàárọ̀. Kò sẹ́ni tó fẹnu sọ ọ́.

Ìṣẹ́jú 229 ni wọ́n fi hàn ní Cannes. Nígbà tó dé Amẹ́ríkà, àwọn tó fẹ́ gbé e jáde ní ó ti gùn jù. Wọ́n gé e di 139, wọ́n tò ó láti ìgbà ọmọdé dé ìgbà ogbó, bí ìwé ìtàn iléèwé. Òṣèré kan náà, orin kan náà, fíìmù ọ̀tọ̀! Kò pawó níbẹ̀. Leone ò ṣe fíìmù mìíràn kó tó kú ní 1989.

Ní 2012 wọ́n tún un ṣe, ó padà sí Cannes pẹ̀lú ìṣẹ́jú 251. Baragli ṣì wà láyé nígbà yẹn.

Tí ẹ bá fẹ́ wò ó, ẹ kọ́kọ́ wo iye ìṣẹ́jú rẹ̀. Tó bá jẹ́ 139, ẹ fi sílẹ̀ fún wọn. Ó dìgbà o.