Èkó, Ọba àti Àwọn Ọ̀rọ̀ Tó Jọra Tí Wọn Ò Bára Tan

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ wà nínú bọ́ọ̀sì, ẹ kú ìrìn. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ wà lọ́jà, ọjà á tà o. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ fi íápíìsì sétí lẹ́nu iṣẹ́, tí ọ̀gá yín rò pé iṣẹ́ lẹ̀ ń ṣe, ẹ rọra.

Ìdúmàgbò ni ọ̀rọ̀ tòní ti bẹ̀rẹ̀, nínú ilé bàbá wa àgbà. Ọmọ ẹ̀gbọ́n bàbá mi fẹ́ ṣègbéyàwó, ọmọ Ìbíní sì ni ẹni tó fẹ́ fẹ́ ẹ. Ọjọ́ mọ̀-mí-n-mọ̀-ọ́ pé. Àwọn àna wa wọlé pẹ̀lú ìlẹ̀kẹ̀ pupa lọ́rùn, wọ́n rẹwà, kò sí irọ́ níbẹ̀. Alága ìdúró ń kọrin, alága ìjókòó ń gbowó, gbogbo nǹkan ń lọ bó ṣe yẹ. Àfi ìgbà tí àbúrò bàbá ọkọ ìyàwó dìde. Ó ní, "Ẹ má wulẹ̀ pè wá lálejò o. Ilé la wá. Àwa la sọ ibí ní Èkó. Ní èdè tiwa, ibùdó ogun ni."

Àwọn èèyàn rẹ́rìn-ín. Bàbá àgbà kò rẹ́rìn-ín. Wọ́n ní, "Bó bá jẹ́ ilé lẹ wá, ẹ mú kọ́kọ́rọ́ dání?" Wọ́n wá bẹ̀rẹ̀: oko Àrómirẹ ni ibí, oko ata, àwọn ará Ìbíní ló gbọ́ "oko" tí wọ́n ń pè é ní Èkó. Bàbá tọ̀hún náà fèsì. Kí a tó mọ ohun tó ń ṣẹlẹ̀, ìrẹsì ti tutù. Wọn ò mú ọjọ́ ìgbéyàwó. Lálẹ́ ọjọ́ náà, WhatsApp ẹbí gbóná: ẹnì kan ní "ọba" gan-an, ọ̀rọ̀ Ìbíní ni, ẹlòmíì ní àwa la fi Ọba jíǹkí wọn. Ọmọ ẹ̀gbọ́n bàbá mi pè mí, ó ń sunkún. Ó ní, "Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń ṣe podcast, ẹ bá wa wá nǹkan sọ."

Ohun tí mo rí sọ nìyí. Mo fẹ́ fi "ọba" bẹ̀rẹ̀.

Lẹ́gbẹ̀ẹ́ ṣọ́ọ̀bù ìyá mi ní Ìdúmàgbò, ìyá kan wà tó jẹ́ Ígbò, ó ti ń tajà níbẹ̀ kí wọ́n tó bí mi. Nígbà tí mo wà ní kékeré, ó sọ fún mi pé bàbá òun ní ọba ńlá lábúlé. Ọdún yẹn mọ́jú ni mo fi ń kí i bí ẹni ń kí ọmọ ààfin. Ẹ wo ìtìjú, àká iṣu ni! Lédè Ígbò, ọba ni ibi tí wọ́n ń kó iṣu sí. Ìlú kan tiẹ̀ wà ní ìpínlẹ̀ Anambra, nítòsí Onitsha, tó ń jẹ́ Ọba.

Ẹ dé Japan, wọ́n á ní oba, obìnrin tó jẹ́ ẹ̀gbọ́n tàbí àbúrò ìyá tàbí bàbá yín ni wọ́n ń sọ. Bí ẹ bá fẹ́ bọ̀wọ̀ fún un, ẹ ó ní oba-san. Ẹ ṣọ́ra o: bí ẹ bá fa "a" yẹn gùn díẹ̀, ẹ ti sọ ọ́ di ìyá àgbà, ẹni tó bá sì jẹ́ ọmọ ogójì ọdún kò ní dúpẹ́ lọ́wọ́ yín. Àwa ń fi ohùn òkè àti ohùn ìsàlẹ̀ ya ọ̀rọ̀ sọ́tọ̀. Àwọn ń fi fífà ya tiwọn. Ní ilẹ̀ Pólándì, oba túmọ̀ sí "àwọn méjèèjì." Ní Brazil, ibi tí àwọn Àgùdà tó kọ́ Pópó Àgùdà wa ti wá, "Oba!" ni ọmọdé máa ń kígbe nígbà tí wọ́n bá gbé kéèkì wọlé, ayọ̀ lásán ni, kò sí adé níbẹ̀. Èyí tó pa mí lẹ́rìn-ín jù ni ti Tọ́kì. Lédè Tọ́kì, oba ni àgọ́ àwọn darandaran, àgọ́ ńlá, tàbí ibùdó tí wọ́n pa àgọ́ sí. Ẹ gbọ́ o: Ìbíní ní Èkó ni ibùdó, Tọ́kì ní oba ni ibùdó. Bí ọ̀rọ̀ tó jọra bá ti tó ẹ̀rí, a jẹ́ pé àwọn ará Istanbul náà lè wá sí mọ̀-mí-n-mọ̀-ọ́ wa, kí wọ́n ní ilé làwọn wá.

Kí ló ń fa irú èyí? Ìṣirò kékeré kan ni. Yorùbá ní kọ́ńsónáǹtì 18. Ó ní fáwẹ̀lì àìránmúpè méje, mẹ́fà nínú wọn sì lè bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀ nínú Yorùbá àjùmọ̀lò, torí a kì í fi "u" bẹ̀rẹ̀. Ẹ mú ọ̀rọ̀ bí "ọba" tàbí "èkó": fáwẹ̀lì kan, kọ́ńsónáǹtì kan, fáwẹ̀lì kan. 6 lọ́nà 18 lọ́nà 7, ó jẹ́ 756. Kò ju bẹ́ẹ̀ lọ bí a bá yọ ohùn kúrò. Ohùn ló gbà wá: bí a bá dá a padà, ó di 4,536. Ṣùgbọ́n àwọn tó ń gbé Tókyò tàbí Pólándì kò bá wa mú ohùn wa lọ, èdè tó sì wà láyé lé ní ẹgbẹ̀rún mẹ́fà. Àwọn ọ̀rọ̀ kúkúrú á ṣe kòńgẹ́ ara wọn, dandan ni. Èyí tí ì bá yani lẹ́nu ni kí wọ́n má ṣe kòńgẹ́.

Ìtumọ̀ gan-an lè ṣe kòńgẹ́. Àwọn ọmọ onílẹ̀ kan wà ní àríwá ìlà-oòrùn Ọsirélíà, Mbabaram ni orúkọ èdè wọn. Nígbà tí onímọ̀ èdè R. M. W. Dixon rí ọ̀kan nínú àwọn tó kù tó gbọ́ èdè náà, tó bi í léèrè ohun tí wọ́n ń pe ajá, bàbá náà ní "dog." Òyìnbó rò pé ó ń bá òun fi Gẹ̀ẹ́sì ṣe yẹ̀yẹ́. Rárá o. Orúkọ tí wọ́n ń pe ajá láti ayébáyé nìyẹn. Dixon fi í wé àwọn èdè tó wà nítòsí, ó sì rí ọ̀nà tí ọ̀rọ̀ náà gbà di bẹ́ẹ̀. Gẹ̀ẹ́sì kò sí lójú ọ̀nà yẹn rárá.

Ọ̀nà yẹn gan-an ni ọ̀rọ̀ mi. Ẹ wo àlùbọ́sà. Àwọn Lárúbáwá ń pè é ní al-basal, Haúsá ń pè é ní albasa, àwa ní àlùbọ́sà. Orúkọ jọra, ohun tí wọ́n ń sọ jẹ́ ọ̀kan náà, a sì mọ ẹni tó gbé e wá: ẹ lọ wo ọkọ̀ tó ń já a sílẹ̀ lọ́jà, ẹ wo ibi tó ti ń bọ̀. Ẹ̀rí nìyẹn. "Oba" ti Japan kò ní ọkọ̀, kò ní dẹ́rẹ́bà, kò sì gbé ẹrù kan náà.

Ó dáa, kí ni ká wá sọ nípa "ọba" tiwa àti ti Ìbíní? Ìyẹn kì í ṣe kòńgẹ́. Ìlú méjì tó múlé gbera, ọ̀rọ̀ kan náà, oyè kan náà. Ìbátan wà níbẹ̀. Ìbíní fúnra wọn ní kí Ọba tó dé, Ogiso ni àwọn ń pe olórí wọn. Ifẹ̀ ní Ọ̀rànmíyàn ló lọ síbẹ̀ láti ọ̀dọ̀ Odùduwà. Ìbíní ní ọmọ Ogiso àwọn, Ekaladerhan, ló kọ́kọ́ rìn lọ sí Ifẹ̀. Ẹni tó bá rò pé lẹ́tà mẹ́ta péré, ọ, b, a, lè parí ẹjọ́ yẹn lórí WhatsApp, kó lọ sùn.

Ti Èkó ló ń bí bàbá àgbà nínú, mo sì ní láti sọ òótọ́ tó wà níkùn mi, bí wọ́n bá tilẹ̀ máa gbọ́. Ẹ̀rí Ìbíní lágbára. Lédè wọn, eko jẹ́ ibùdó. Ẹ dé ẹ̀bá yunifásítì Ìbíní, ẹ ó rí Ekosodin. Lẹ́yìn ìyẹn, ẹ wo orúkọ àdúgbò wa: Ìdúmàgbò, Ìdúmọ̀tà, Ìdúnṣàgbé, Ìdúntàfá. Nígbà tí mo wà ní kékeré, mo rò pé àgbò tí wọ́n ń so mọ́lẹ̀ ló fún Ìdúmàgbò lórúkọ, pàápàá nígbà Iléyá. Ṣùgbọ́n lédè Ẹ̀dó, idumwun ni àdúgbò. Ẹ lọ sí ilẹ̀ Ẹsan, ẹ ó rí Idumebo. Ẹ lọ sí ìpínlẹ̀ Delta, láàárín àwọn tó ń sọ Ígbò, ẹ ó rí Idumuje-Ugboko àti Idumuje-Unor. Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo lè ṣe kòńgẹ́. Ìlà orúkọ gbọọrọ, tí gbogbo wọn ń sọ ti àdúgbò, ní ibi tí ìtàn ti sọ pé ọmọ ogun Ìbíní dé? Èmi ò lè pe ìyẹn ní kòńgẹ́.

Ti "oko" ńkọ́? Oko, ohùn àárín méjì. Èkó, ohùn ìsàlẹ̀ kan àti ohùn òkè kan, fáwẹ̀lì àkọ́kọ́ náà sì tún yí. Ẹni tó bá ní oko ló di Èkó ní láti ṣàlàyé ìyípadà mẹ́ta nínú ọ̀rọ̀ tó kúrú tó bẹ́ẹ̀. Ó le.

Ṣùgbọ́n ẹ má pariwo sí mi lórí Twitter ná, torí ibi tí bàbá àgbà ti jàre ń bọ̀. Ní 2023, Ọba Ewuare Kejì wá sí Èkó, wọ́n ní àwọn baba ńlá àwọn ló tẹ ìlú náà dó, gbogbo orí ayélujára dàrú. Gbogbo wa ń jà bí ẹni pé ẹni tó sọ ọmọ lórúkọ ló bí i. Ṣé àwọn Potogí kọ́ ló fún wa ní "Lagos" ni? Lédè wọn, lagos ni àwọn adágún omi, wọ́n sì ní ìlú etíkun kan nílé wọn tó ń jẹ́ orúkọ náà, ibi tí wọ́n já ẹrú 235 sí ní August 1444. Ta ló ti gbọ́ rí pé ará Potogí wá gba ilẹ̀ ní Ìdúmàgbò nítorí orúkọ? Lédè Gíríìkì ńkọ́, lagos ni ehoro. Ìlú ehoro ni Gíríìkì ń gbọ́ nígbà tí ẹ bá sọ ibi tẹ́ ẹ ti wá.

Àwọn Àwórì ti wà ní Ìsẹ̀rì àti Ìddó kí ogun kankan tó pa ibùdó. Ẹni tó ń gbin ata kò ní orúkọ tó ń jagun, ata ló ní. Ata náà kò sì parẹ́: Ìgá Ìdúngànràn ni ààfin Ọba Èkó ń jẹ́ dòní, ìgànràn sì ni ata. Èmi rò pé Ìdú yẹn náà, ti ìdílé Ìdúmàgbò ni. Bó bá rí bẹ́ẹ̀, orúkọ ààfin kan ṣoṣo ló gba oko Àrómirẹ àti èdè Ìbíní pọ̀ sábẹ́ òrùlé kan, ó sì ti pẹ́ kí a tó bẹ̀rẹ̀ ìjà.

Ọ̀rọ̀ kékeré kan nípa fóònù yín. Ẹ fi àmì sórí ọ̀rọ̀, ẹ jọ̀ọ́. "Eko" tí kò lámì lè jẹ́ Èkó, ẹ̀kọ tí a fi ń jẹ mọ́ín-mọ́ín, tàbí ẹ̀kọ́ tí olùkọ́ ń kọ́ni. Ní ilẹ̀ Sweden, gbohùngbohùn ni. Mo ti rí ẹni tó kọ̀wé sí mi pé òun "n lo si eko." Mo bi í bóyá ebi ń pa á.

Mo gbé gbogbo èyí lọ bá bàbá àgbà lọ́sẹ̀ tó kọjá. Wọ́n gbọ́ ti Japan, wọ́n gbọ́ ti Tọ́kì, wọ́n rẹ́rìn-ín dáadáa. Wọ́n gbọ́ ti Ìdúmàgbò, wọ́n dákẹ́. Lẹ́yìn ìgbà díẹ̀ wọ́n ní kí n bá àwọn tẹ nọ́ńbà bàbá Ìbíní yẹn. Wọn ò kí i pẹ́. Wọ́n ní, "Àna mi, kí lẹ̀ ń pe ata nílé yín?" Mi ò gbọ́ ohun tí tọ̀hún sọ, ṣùgbọ́n wọ́n wà lórí fóònù fún bí ogójì ìṣẹ́jú, owó tó wà lórí fóònù mi ni wọ́n sì fi pè é.

Wọn ò tíì mú ọjọ́. Wọ́n ti ní kí àwọn ará Ìbíní padà wá lọ́jọ́ Sátidé tó ń bọ̀, ìrẹsì tuntun á wà.

Bí ẹ bá ní ọ̀rọ̀ kan nílé yín tó ń jẹ́ nǹkan mìíràn lẹ́nu aládùúgbò yín, ẹ fi ohùn yín ránṣẹ́ sí wa. Ẹ sọ ọ́ ketekete, kí ohùn rẹ̀ jáde dáadáa. Ó dìgbà o.