Ọmọ Tí A Fi Ẹ̀yà Rẹ̀ Kẹ́gàn



Ọ̀rọ̀ wa lónìí kò ju ẹyọ kan lọ: ẹ̀gàn a máa ṣá ọmọdé lọ́gbẹ́ ní ọkàn, àdúgbò ni ó sì yẹ kí ó wò ó sàn.

Ní Amẹ́ríkà, ní nǹkan bí 1940, Mamie Clark àti ọkọ rẹ̀, Kenneth, gbé ọmọláńgidi funfun àti dúdú síwájú àwọn ọmọ adúláwọ̀, wọ́n sì bi wọ́n léèrè èyí tí ó dára. Ọ̀pọ̀ nínú wọn nawọ́ sí funfun. Èyí tí ó jọ ara wọn ni wọ́n pè ní burúkú. Ní 1946, tọkọtaya náà dá ilé ìtọ́jú Northside sílẹ̀ ní Harlem, láàárín àwọn ènìyàn wọn. Ọmọ tí ilé-ẹ̀kọ́ ti kà sí aláìlọ́pọlọ, wọ́n yẹ̀ ẹ́ wò, wọ́n sì rí i nígbà púpọ̀ pé orí rẹ̀ pé. Wọ́n tù ú nínú, wọ́n kọ́ ọ ní ìwé, wọ́n sì gba òbí rẹ̀ nímọ̀ràn.

Àwa ńkọ́? Àwa tí a ń bínú bí a bá fi èdè wa ṣẹ̀sín, ojú wo ni a fi ń wo ọmọ Ègùn àti ọmọ Fúlàní tí ń bẹ láàárín wa, tí àwọn ọmọ wa ń sín jẹ nítorí ohùn wọn? Bí a ti bí ẹrú ni a bí ọmọ.

Nítorí náà, a bẹ ẹ̀yin baálẹ̀ àti olùkọ́: ẹ yan àgbà kan ní àdúgbò kọ̀ọ̀kan tí irú ọmọ bẹ́ẹ̀ lè sọ ẹ̀dùn ọkàn rẹ̀ fún. Bí ìbànújẹ́ náà bá ju agbára àgbà lọ, kí a tètè mú un tọ oníṣègùn lọ. Iyì ẹ̀yà wa kò gbọdọ̀ jẹ́ ìtìjú ọmọ ẹlòmíràn.