Ìròyìn Kò Tó Àfojúbà: Ìrìn Àjò Láti Ìlú Dé Ìlú Nínú Ọkọ̀ Ara Ẹni

Ọ̀rọ̀ tí mo fẹ́ bá yín sọ dá lórí bí ènìyàn ṣe lè fi ọkọ̀ ayọ́kẹ́lẹ́ rin ìrìn àjò láti ìlú kan dé èkejì, kí ó sì máa dúró lójú ọ̀nà láti wo àwọn ohun tí ó yẹ kí a wò ní ilẹ̀ wa.

Púpọ̀ nínú àwọn onímọ́tò wa máa ń rìn bí ẹni tí ogun ń lé. Bí wọ́n bá ti jáde ní Èkó, Ìbàdàn ni ojú wọn wà. Nígbà tí wọ́n bá sì gúnlẹ̀, tí a bá bi wọ́n léèrè ohun tí wọ́n rí lọ́nà, wọn kò ní ohun kan láti sọ ju ọkọ̀ àjàgbé àti kòtò lọ. Bẹ́ẹ̀ ni ilẹ̀ tí wọ́n sá kọjá yìí ni ilẹ̀ tí àwọn bàbá ńlá wọn jà fún. Àwọn àgbà wí pé ìròyìn kò tó àfojúbà. Ohun tí mo fẹ́ kí ẹ mú lọ sílé ni pé dídúró ni ó ń sọ ìrìn àjò di ẹ̀kọ́, àti pé èrè rẹ̀ ń kan ẹni tí ó dúró, ó sì ń kan ìlú tí ó dúró sí.

Ọ̀nà mọ́tò kì í ṣe ohun àtijọ́ láàárín wa. Ọ̀nà tí ó ti Ìbàdàn lọ sí Ọ̀yọ́, tí a là ní 1906, ni a kà sí ọ̀nà mọ́tò àkọ́kọ́ ní ilẹ̀ Nàìjíríà. Láti ìgbà náà ni ọ̀nà ti ń sọ ìlú kan di ńlá, tí ó sì ń sọ òmíràn di ìgbàgbé. Nígbà tí a ṣí ọ̀nà márosẹ̀ Èkó sí Ìbàdàn ní 1978, ó mú kí ìrìn àjò yá. Ṣùgbọ́n láti ọjọ́ náà, ẹni tí ó ti Èkó ń lọ sí Ìbàdàn kò tún ní ìdí kan láti ya Abẹ́òkúta mọ́, àfi bí ó bá dìídì fẹ́ bẹ́ẹ̀. Nítorí náà ni mo ṣe fẹ́ kí a jọ rin ọ̀nà kan lónìí, ọ̀nà ọjọ́ mẹ́ta, kí a sì dìídì yà.

Ní ọjọ́ kìn-ín-ní, kí á kúrò ní Èkó ní ìdájí, kí á gba Ọ̀tà àti Ìfọ̀ kọjá lọ sí Abẹ́òkúta. Òkè Olúmọ ni kí á kọ́kọ́ wò. Ní nǹkan bí 1830 ni àwọn Ẹ̀gbá, lẹ́yìn tí ogun ti tú àwọn ìlú wọn ká, tẹ̀ dó síbẹ̀ lábẹ́ ìṣàkóso Ṣódẹkẹ́. Ihò inú àpáta náà ni wọ́n fi ṣe ibi ìsádi, òun náà ni ó sì bí orúkọ ìlú. Nígbà tí àwọn ọmọ ogun Dàhòmì gbógun wá ní 1851, àti lẹ́ẹ̀kejì ní 1864, àwọn ará Abẹ́òkúta lé wọn padà. Ẹni tí ó bá dúró lórí Olúmọ, tí ó sì wo bí òrùlé ilé ṣe tẹ́ rẹrẹ lábẹ́ rẹ̀, yóò mọ ìdí tí àwọn ènìyàn náà fi dúpẹ́ lọ́wọ́ òkúta. Kí ẹni tí ó ń ka ìwé ìròyìn sì rántí pé ìlú yìí kan náà ni àlùfáà Henry Townsend ti bẹ̀rẹ̀ sí tẹ Ìwé Ìròhìn jáde ní èdè Yorùbá ní 1859. Bí àyè bá sì wà, kí á dé ọjà Ìtòkú, níbi tí àwọn ìyá wa ti ń ta àdìrẹ.

Láti ibẹ̀, kí á gba Ọmí-Àdìó wọ Ìbàdàn kí ọjọ́ tó rọ̀. Ní Ìbàdàn, ibi gíga ni ó dára jù láti dúró sí. Gbọ̀ngàn Màpó wà lórí òkè, ó sì ti wà níbẹ̀ láti 1929. Ilé ìṣọ́ Òkè Àrẹ̀mọ náà wà, tí wọ́n kọ́ ní 1936 ní ìrántí Captain Bower, àwọn ará ìlú sì ń pè é ní Láyípo nítorí àkàsọ̀ inú rẹ̀ tí ń yí po bí ènìyàn ti ń gùn ún. Lẹ́yìn náà, kí á wo Ilé Kòkó, alájà 26, tí wọ́n parí ní 1965. Ẹ̀yin àgbẹ̀, ẹ jẹ́ kí n dúró díẹ̀ lórí èyí. Owó tí kòkó mú wọlé ni wọ́n fi kọ́ ilé náà. Ọmọ àgbẹ̀ tí ó bá gbé ojú sókè wò ó kò gbọdọ̀ rò pé ilé àwọn ará ìlú ńlá ni òun ń wò. Òógùn ojú bàbá rẹ̀ ni ó dúró bẹ́ẹ̀ yẹn.

Ní ọjọ́ kejì, kí á dojú kọ ìlà oòrùn. Ní Aṣéjìrẹ́, a ó kọjá lórí odò Ọ̀ṣun níbi tí a ti sé omi mọ́ fún mímu àwọn ará Ìbàdàn. Bí a bá dé Ìkirè, ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ kọjá láì ra dòdò Ìkirè: ọ̀gẹ̀dẹ̀ àgbagbà tí ó ti pọ́n kọjá ààlà ni wọ́n ń fi ata sí, tí wọ́n ń dín in títí yóò fi dúdú, tí wọ́n sì ń fi ewé pọ́n ọn. Ẹ wo ọgbọ́n àwọn ìyá wa: ohun tí ẹlòmíràn ì bá dà nù ni wọ́n sọ di ohun tí òkìkí rẹ̀ kàn jákèjádò ilẹ̀ Yorùbá. Onímọ́tò kan tí ó bá dúró, tí ó sì ra pọ́n-ùn mẹ́wàá, ti bá ìyá kan san owó ilé ẹ̀kọ́ ọmọ rẹ̀ díẹ̀.

Nígbà tí a bá dé Ilé-Ifẹ̀, kí á lọ wo Ọ̀pá Ọ̀rányàn, òkúta gbọọrọ tí ó ga tó ìwọ̀n mítà márùn-ún àbọ̀, tí a kan ìṣó irin sí lára. Kí á sì wọ ilé ìṣẹ̀ǹbáyé tí ó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ààfin Ọọ̀ni. Ní 1938, nígbà tí wọ́n ń wa ìpìlẹ̀ ilé ní agbo ilé Wúnmọníjẹ̀, ni wọ́n hú àwọn orí idẹ jáde, tí ẹwà wọn ya gbogbo ayé lẹ́nu. Ṣáájú èyí, ní 1910, ọ̀mọ̀wé ará Jámánì kan, Leo Frobenius, ti rí irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ ní Ifẹ̀. Kàkà kí ó gbà pé àwọn baba wa ni ó ṣe é, ó ní àwọn Gíríìkì àtijọ́ kan tí wọ́n ti sọnù sínú ìtàn ni ó ni ín. Lónìí, àwọn onímọ̀ ti gbà pé ọwọ́ àwọn ará Ifẹ̀ ni ó ṣe iṣẹ́ náà. Ṣùgbọ́n ẹ̀kọ́ wà nínú rẹ̀: bí onílé kò bá wo ohun tí ó ní, àlejò ni yóò sọ fún un ẹni tí ó ni ín.

Kí á sùn ní Ìlẹ́ṣà. Ní ọjọ́ kẹta, kí á lọ sí Erin-Ìjẹ̀ṣà, níbi tí omi Olúmirìn ti ń tú wálẹ̀ láti orí òkè ní ìpele méje. Kí ẹni tí ẹsẹ̀ rẹ̀ kò le tẹ́ ìpele àkọ́kọ́ lọ́rùn; òkúta ibẹ̀ ń yọ̀. Láti ibẹ̀, kí á padà gba Òṣogbo, kí á wo igbó Ọ̀ṣun tí àjọ UNESCO kọ mọ́ àwọn ohun àjogúnbá gbogbo ayé ní 1905 ó lé 100, èyíinì ni 2005. Susanne Wenger, obìnrin ará Austria tí ó kú ní 2009, àti àwọn oníṣẹ́ ọnà ilẹ̀ wa tí wọ́n bá a ṣiṣẹ́, ni wọ́n tún àwọn ojúbọ ibẹ̀ ṣe. A kò gbọdọ̀ gé igi níbẹ̀, a kò gbọdọ̀ dẹ ọdẹ, a kò sì gbọdọ̀ pa ẹja. Yálà ènìyàn jẹ́ Kìrìsìtẹ́nì, Mùsùlùmí tàbí oníṣẹ̀ṣe, ìbọ̀wọ̀ ni ó yẹ ibi tí ẹlòmíràn kà sí mímọ́. Kí á tọrọ ààyè kí á tó ya àwòrán.

Ìrìn yìí kò ṣeé rìn láìmúra. Kí á tó gbéra, kí mẹkáníìkì yẹ bíréèkì, iná, ọ́ìlì àti omi ẹ́ńjìnnì wò. Kí táyà mẹ́rẹ̀ẹ̀rin dára, kí èyí tí a ó fi dípò sì ní afẹ́fẹ́ nínú, nítorí táyà ìfidípò tí ó ti rọ̀ kò sàn ju pé kò sí lọ. Kí gbogbo ìwé ọkọ̀ pé. Kí olúkúlùkù de bẹ́líìtì ìjókòó. Àjọ ẹ̀ṣọ́ ojú pópó ti ìjọba àpapọ̀, tí a dá sílẹ̀ ní 1988, fi ìwọ̀n eré ọkọ̀ ayọ́kẹ́lẹ́ sí kìlómítà 100 ní wákàtí kan lórí ọ̀nà márosẹ̀, àti 50 láàárín ìlú. Nọ́ńbà 122 ni a sì ń pè wọ́n bí ewu bá ṣẹlẹ̀. Kí awakọ̀ má ṣe mu ọtí rárá. Kí á máa bi àwọn awakọ̀ èrò léèrè bí ọ̀nà ti rí, kí òru má sì bá wa lójú ọ̀nà. Ohun tí a fi ẹ̀sọ̀ mú kì í bàjẹ́. Àǹfààní mìíràn tí ó wà nínú dídúró nìyí: awakọ̀ tí ó ń sinmi ní Abẹ́òkúta àti ní Ìkirè kì í tòògbé nídìí ọkọ̀.

Ẹlòmíràn nínú yín lè wí pé, “Ọ̀gbẹ́ni, èmi kò ní mọ́tò, kí ni ó kàn mí?” Ó kàn ọ́ púpọ̀. Èkíní, ènìyàn mẹ́rin lè dá owó epo jọ fún ọ̀rẹ́ tí ó ní ọkọ̀, bí a ti ń dá èésú. Èkejì, bí ìwọ kò bá lọ, àlejò lè wá bá ọ. Ìlú wo ní ilẹ̀ wa ni kò ní òkè kan, odò kan, ààfin kan tàbí oúnjẹ kan tí ó yẹ kí ènìyàn dúró fún?

Ṣùgbọ́n àlejò kì í dúró níbi tí a ti ń yọ ọ́ lẹ́nu. Bí ọmọ ìlú mẹ́fà bá dúró sí ẹsẹ̀ òkè, tí olúkúlùkù ń gba owó tirẹ̀, àlejò yóò san án lónìí, ṣùgbọ́n kò ní padà wá, yóò sì kìlọ̀ fún àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀. Kí ìgbìmọ̀ ìlú fi owó ìwọlé sí iye kan, kí wọ́n kọ ọ́ sára pátákó, kí wọ́n sì máa fún àlejò ní ìwé ẹ̀rí. Kí wọ́n ro ọ̀nà, kí wọ́n kọ́ ilé ìgbọ̀nsẹ̀, kí àwọn olóúnjẹ bo oúnjẹ wọn. Kí wọ́n wá ọ̀dọ́ kan tí ó gbọ́n, kí ó jókòó ti àwọn àgbà kí ó gbọ́ ìtàn ìlú ní àgbọ́yé, kí ó lè sọ ọ́ láì fi irọ́ kún un. Bí àwọn àgbà bá kọjá lọ láìsọ ọ́, owó kankan kò lè rà á padà.

Àjò kì í dùn kí onílé má padà sí ilé. Ẹ jẹ́ kí á máa rìn, kí á máa dúró, kí á máa wò, kí á sì padà délé ní àlàáfíà láti ròyìn fún àwọn ọmọ wa. Kí Ọlọ́run máa ṣọ́ àlọ àti àbọ̀ wa.