Àpótí Ìpamọ́ Àtijọ́ àti Kọ̀ǹpútà Tuntun

Ìlọrin jẹ́ ìlú ìwé àti ìlú ohùn. Láti ọ̀rúndún kọkàndínlógún ni àwọn àáfà rẹ̀ ti ń fi ọwọ́ kọ ìwé ní èdè Lárúbáwá, tí wọ́n sì ń fi wọ́n sílẹ̀ fún ọmọ àti ọmọ-ọmọ. Àwọn olórin dadakúàdà rẹ̀, irú Odòlayé Àrẹ̀mú tí ó fi ayé sílẹ̀ ní 1997, kò fi gbogbo orin wọn sínú àwo. Òde ìyàwó àti òde ìsọmọlórúkọ ni wọ́n ti kọ ọ̀pọ̀ nínú rẹ̀, ẹni tí ó bá sì gbé rédíò oníkásẹ́ẹ̀tì lọ sí òde lọ́jọ́ náà nìkan ni ó rí ohùn wọn mú bọ̀ wálé.

Nígbà tí kásẹ́ẹ̀tì bẹ̀rẹ̀ sí í lẹ̀ pọ̀, tí ikán sì ń wá ọ̀nà dé inú àpótí ìwé, àwọn ọlọ́gbọ́n nínú àwọn ọmọ ilé ya àwòrán ojú ìwé, wọ́n sì gba ohùn inú kásẹ́ẹ̀tì sínú kọ̀ǹpútà. Àwọn mìíràn tún kó gbogbo rẹ̀ lọ sínú àpótí ìpamọ́ kékeré tí a ń fi wáyà so mọ́ ráútà, kí olúkúlùkù ará ilé lè máa rí i láti orí kọ̀ǹpútà tirẹ̀. Irú àpótí bẹ́ẹ̀, tí a rà ní nǹkan bí 2010, ni ọ̀rọ̀ yìí dá lé.

Kọ̀ǹpútà kékeré ni àpótí náà fúnra rẹ̀, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kò ní ojú, kò sì ní pátákó ìtẹ̀wé. Díìsìkì kan tàbí méjì ni ó wà nínú rẹ̀. Iṣẹ́ rẹ̀ ni láti máa pa fáìlì mọ́ àti láti máa fi í ránṣẹ́ sí ẹ̀rọ tí ó bá bèèrè. Olùkọ́ tí ó bá fẹ́ kí akẹ́kọ̀ọ́ mọ bí ayé ti yí tó lè sọ fún wọn nípa ẹ̀rọ díìsìkì tí IBM gbé jáde ní 1956. Àwo 50 ni ó wà nínú rẹ̀, ìbú ọ̀kọ̀ọ̀kan tó ẹsẹ̀ bàtà méjì, síbẹ̀ lẹ́tà mílíọ̀nù 5 péré ni gbogbo rẹ̀ lè gbà, èyí tí kò fi bẹ́ẹ̀ ju àyè tí orin ìṣẹ́jú mẹ́rin ń gbà lọ lónìí.

Wàhálà máa ń bẹ̀rẹ̀ ní ọjọ́ tí kọ̀ǹpútà tí ilé ń lò tẹ́lẹ̀ bá kú, tí a sì ra tuntun. Onílé á wá àpótí títí lójú kọ̀ǹpútà, kò ní rí i. Iná àpótí ń tàn, díìsìkì ń yí, kọ̀ǹpútà sì ń ṣe bí ẹni pé kò sí nǹkan kan nínú ilé. Níbí ni àwọn mìíràn ti ń sọ pé àpótí ti bà jẹ́, tí wọ́n á sì tà á fún àwọn tí ń ra kọ̀ńdẹ́ẹ̀mù kiri. Bẹ́ẹ̀ ohùn bàbá wọn wà nínú rẹ̀.

Èdè tí kọ̀ǹpútà fi ń bèèrè fáìlì lọ́wọ́ ẹ̀rọ mìíràn ni a ń pè ní SMB. Ẹ̀yà rẹ̀ àkọ́kọ́, SMB1, nìkan ni àwọn àpótí àtijọ́ kan gbọ́. Ní ọjọ́ 12 oṣù Karùn-ún 2017, kòkòrò kọ̀ǹpútà kan tí a ń pè ní WannaCry gba inú àlébù kan nínú SMB1 wọ kọ̀ǹpútà tí ó ju 200,000 lọ ní nǹkan bí orílẹ̀-èdè 150. Ó ti fáìlì àwọn ènìyàn pa, ó sì ń bèèrè owó ìtúsílẹ̀. Àwọn ilé ìwòsàn ìjọba ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì wà lára àwọn tí ó fara gbá a, tó bẹ́ẹ̀ tí wọ́n fi ń dá aláìsàn padà. Oṣù méjì ṣáájú ni Microsoft ti fi àtúnṣe síta, ṣùgbọ́n ọ̀pọ̀ ènìyàn kò gbà á sórí kọ̀ǹpútà wọn. Láti oṣù Kẹwàá ọdún náà, Windows 10 tí a bá ṣẹ̀ṣẹ̀ gbé kalẹ̀ kì í ní SMB1 nínú mọ́. Kọ̀ǹpútà tuntun tí ó kọ̀ láti dá àpótí lóhùn ní ìdí tirẹ̀.

Síbẹ̀, kí onílé tó ronú kan SMB1 rárá, ohun kan wà tí ó yẹ kí ó kọ́kọ́ yẹ̀ wò. Nígbà tí SMB1 kúrò, iṣẹ́ tí ń to orúkọ àwọn ẹ̀rọ inú ilé sójú kọ̀ǹpútà bá a lọ. Àpótí tí ó gbọ́ SMB2 lè wà láàyè, kí orúkọ rẹ̀ má sì hàn. Ní àwọn àdúgbò àtijọ́ ní Ìlọrin, orúkọ agboolé ni a fi ń júwe ilé fún àlejò. Ẹni tí kò bá mọ̀ ọ́n lè rìn káàkiri Òkè-Sunà tàbí Pákátà títí ilẹ̀ ó fi ṣú. Ti ẹ̀rọ sàn díẹ̀: bí orúkọ bá sọnù, nọ́ńbà ṣì wà. Ráútà ni ó ń pín nọ́ńbà fún gbogbo ẹ̀rọ, ojú ewé tí a fi ń ṣàkóso ráútà ni a sì ti ń rí èyí tí ó fún àpótí. Bí ó bá jẹ́ 192.168.1.20, onílé á kọ \\192.168.1.20 sí òkè fèrèsé tí fáìlì ń hàn sí, kọ̀ǹpútà á sì bèèrè orúkọ àti ọ̀rọ̀ ìwọlé. Èyí tí a fún àpótí ní ọjọ́ tí a kọ́kọ́ gbé e kalẹ̀ ni ó ń fẹ́, kì í ṣe ti kọ̀ǹpútà. Ibẹ̀ ni ọ̀pọ̀ ti ń pàdánù sùúrù. Bí ó bá ṣí, kí onílé pàṣẹ fún ráútà pé kí ó má ṣe yí nọ́ńbà náà padà, nítorí pé bí iná bá lọ tí ó sì dé, ráútà lè pín òmíràn. Ní Ìlọrin, iná kò ní ṣàìlọ. (Àwọn ènìyàn ṣì ń pè é ní NEPA, bó tilẹ̀ jẹ́ pé 2005 ni ilé iṣẹ́ náà ti pa orúkọ dà.)

Bí ó bá wá hàn gbangba pé àpótí kò gbọ́ ju SMB1 lọ, ó kù kí a dá SMB1 padà sórí kọ̀ǹpútà fún ìgbà díẹ̀, nínú àkójọ tí Windows fi ń tan àwọn ẹ̀yà rẹ̀ tí ó sì fi ń pa wọ́n. Àwọn kan nínú àwọn tí ń tún kọ̀ǹpútà ṣe á tàn án, wọ́n á gba owó wọn, wọ́n á sì máa lọ. Ilẹ̀kùn á wà ní ṣíṣí láti ọjọ́ náà. Iṣẹ́ àbọ̀ ni ìyẹn. Kí a kọ́kọ́ yọ síìmù tàbí wáyà tí ń gbé íntánẹ́ẹ̀tì wọ inú ráútà, kí a tan SMB1, kí a kó fáìlì, kí a pa á, kí a tó dá íntánẹ́ẹ̀tì padà. Ẹni tí ó bá sì yọ díìsìkì jáde láti so ó mọ́ Windows tààrà gbọ́dọ̀ ṣọ́ra. Ètò Linux ni ọ̀pọ̀ àpótí wọ̀nyí ń lò. Windows kì í lè ka díìsìkì wọn, ohun tí yóò sì sọ ni pé kí a jẹ́ kí òun tún un tò láti ìbẹ̀rẹ̀. Ẹni tí ó bá gbà ti nu orin nù.

Àpótí fúnra rẹ̀ pẹ̀lú nílò ààbò. Láti 2015 ni Western Digital kò ti ṣe àtúnṣe fún My Book Live mọ́. Ní oṣù Kẹfà 2021, àwọn aṣebi gba orí íntánẹ́ẹ̀tì wọ inú àpótí àwọn onílé, wọ́n sì pàṣẹ fún un pé kí ó pa gbogbo ohun tí ó wà nínú rẹ̀ rẹ́. Àwọn onílé bá àpótí wọn ní òfìfo bí ìgbà tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ rà á. Ilé iṣẹ́ náà ní kí gbogbo ẹni tí ó bá ní irú rẹ̀ yọ ọ́ kúrò lórí íntánẹ́ẹ̀tì.

Àpótí onídíìsìkì méjì, tí ń kọ ohun kan náà sórí méjèèjì, tún máa ń tan ènìyàn jẹ. Bí díìsìkì kan bá kú, èkejì wà lóòótọ́. Ṣùgbọ́n bí àrá bá sán lù ú, tí olè gbé e, tàbí tí ọmọdé pa fáìlì rẹ́, méjèèjì ni ó lọ. Nítorí náà, fáìlì tí kò sí ní ibòmíràn ni kí a kọ́kọ́ kó jáde, ìyẹn ohùn òde àti àwòrán ìwé, kí a tó kan fíìmù tí a lè rí rà lọ́jà. Kí àpótí, ráútà àti kọ̀ǹpútà wà lórí bátìrì títí iṣẹ́ ó fi parí. Lẹ́yìn náà, kí a ṣí díẹ̀ nínú fáìlì tí a kó, kí a sì gbọ́ wọn dé ìparí, nítorí pé fáìlì lè ní orúkọ kí ó má ní ohùn nínú. Ẹ̀dà kan lè wà lórí díìsìkì tí a fi wáyà USB so mọ́ kọ̀ǹpútà ilé, kí èkejì sì wà lọ́dọ̀ ọmọ tí ń gbé ní Tankẹ́ tàbí ní Èkó.