Ọ̀nà Mẹ́ta Láti Dáàbò Bo Ọkàn Ìyá Ọlọ́mọ

Ẹ̀yin aláboyún àti ẹ̀yin agbẹ̀bí, ọ̀rọ̀ mi dá lórí àìsàn ọkàn tó máa ń bá obìnrin lẹ́yìn ìbímọ, títí kan èyí tí à ń pè ní àbísínwín. Ọ̀nà mẹ́ta ni a fi ń dènà rẹ̀.

Ọ̀nà kìíní ni kí àìsàn má tilẹ̀ wáyé. Ẹ tètè forúkọ sílẹ̀ ní kílíníkì. Bí irú àìsàn yìí bá ti ṣe yín rí, tàbí tó ṣe ìyá tàbí ẹ̀gbọ́n yín, ẹ sọ fún nọ́ọ̀sì; kì í ṣe ohun ìtìjú. Ẹ̀yin ọkọ àti ìyá ọkọ, ẹ gba ọmọ lọ́wọ́ ìyá kí ó lè sùn.

Ọ̀nà kejì ni kí a tètè mọ̀ ọ́n. Bí ìyá bá ń sunkún díẹ̀ ní ọjọ́ kẹta sí ìkarùn-ún, ẹ fara balẹ̀. Ó sábà máa ń lọ kí ọ̀sẹ̀ méjì tó pé. Bí ó bá kọjá bẹ́ẹ̀, tí oúnjẹ kò wù ú, tí kò lè sùn nígbà tí ọmọ ń sùn, ẹ mú un wá. Ẹ̀yin agbẹ̀bí, ẹ lo ìbéèrè 10 tí wọ́n gbé jáde láti Edinburgh ní 1987. Ìbéèrè ìkẹwàá bèèrè bóyá ó ń rò láti ṣe ara rẹ̀ léṣe. Ẹ má ṣe fò ó. Bí ìdáhùn bá jẹ́ bẹ́ẹ̀ ni, ẹ má fi í sílẹ̀ ní òun nìkan.

Àbísínwín máa ń mú obìnrin 1 tàbí 2 nínú 1,000 tó bímọ, láàárín ọ̀sẹ̀ méjì àkọ́kọ́ lọ́pọ̀ ìgbà. Kò ní í sùn, ọ̀rọ̀ rẹ̀ kò ní í já gaara, yóò máa gbọ́ ohùn tí ẹlòmíràn kò gbọ́. Ẹ má sọ pé iṣẹ́ ayé ni, kí ẹ wá fi ọjọ́ ṣòfò. A kì í fi iná sórí òrùlé sùn. Ọjọ́ náà gan-an ni kí ẹ gbé e lọ sí ọsibítù.

Ọ̀nà kẹta ni kí àìsàn má ba ayé rẹ̀ jẹ́, kí ó má sì padà. Ní Àrò, ní Abẹ́òkúta, ní 1954, Dókítà Adéoyè Lámbò bẹ̀rẹ̀ sí í jẹ́ kí aláìsàn àti ẹbí rẹ̀ máa gbé ní abúlé ìtòsí, kí ó máa ti ibẹ̀ wá gba ìtọ́jú. Ẹbí wà lára ìwòsàn. Nítorí náà, ẹ má dè é, ẹ má nà án, ẹ má fi ṣe yẹ̀yẹ́. Kí ó má dá oògùn dúró fúnra rẹ̀. Bí ó bá tún lóyún, kí ó tètè sọ fún wa, nítorí ó lè padà wá.

Ẹ óò sọ̀ kalẹ̀ láyọ̀. A óò gbóhùn ìyá, a óò gbóhùn ọmọ.